Gbẹ̀rẹ̀fútù Kan Lórí Rye Lane

Bí o bá sọ̀kalẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì ní Rye Lane, òpópónà ọjà kan ní Peckham ní London, láàárọ̀ Sátidé, imú rẹ ló máa kọ́kọ́ sọ fún ọ pé o ti dé. Ẹja tútù lórí yìnyín, ẹja gbígbẹ nínú páálí, ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ti pọ́n kọjá ààlà, ewé táìmù tí wọ́n so ní ìdì-ìdì, òórùn ìpara láti ṣọ́ọ̀bù onírun, àti èéfín ọkọ̀ tó ń bo gbogbo rẹ̀ mọ́lẹ̀. Àwọn kan máa ń fọwọ́ dimú. Ní tèmi, bí òórùn yẹn bá ti kàn mí nímú, èjìká mi á sọ̀kalẹ̀ fúnra rẹ̀, màá sì mí kanlẹ̀. O ti bi mí rí pé kí ló dé tí mo máa ń dá rẹ́rìn-ín níwájú ṣọ́ọ̀bù oníṣu kan báyìí, mo sì ní kò sí nǹkan kan. Irọ́ ni mo pa. Ibẹ̀ ni ọkàn mi ti balẹ̀ lẹ́yìn oṣù kan tí mi ò bá tí fẹ́ rántí, bí kì í bá ṣe pé òpin rẹ̀ dùn.

Nígbà yẹn, mo ń ṣiṣẹ́ ní ọ́fíìsì káńsù, mo ṣì ń gbé lọ́dọ̀ ìyá mi nínú fúláàtì kan tí kò jìnnà sí Old Kent Road, mo sì ti rí ọmọbìnrin tí mo fẹ́ fẹ́. Peckham ni wọ́n bí i sí bíi tèmi, ṣùgbọ́n Barbados ni ìyá rẹ̀ ti wá, erékùṣù kékeré kan ní Karibíà tí èèyàn lè wa ọkọ̀ yí ká kí ilẹ̀ tó ṣú. Ìyá rẹ̀ yìí wa bọ́ọ̀sì fún ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì, ìdí nìyẹn tí àwa ọmọ àdúgbò fi ń pè wọ́n ní Àǹtí Dírẹ́bà. Wọ́n ga, wọn kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, bí wọ́n bá sì wò ọ́, wàá ṣe bí ẹni tí kò sanwó ọkọ̀. Àwọn nìkan ló tọ́ ọmọ yẹn dàgbà. Àfẹ́sọ́nà mi ò fi ọ̀rọ̀ pamọ́ fún mi rárá. Ó ní bí ìyá òun bá gbà, òun ti gbà, bí ìyá òun bá sì kọ̀, òun ò ní lè fẹ́ mi, bó ti wù kó dun òun tó.

Ìyá tèmi ńkọ́? Ọmọ Ifẹ̀ ni wọ́n, aláṣọ funfun, tí ń ṣiṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó. Ọtí kì í kan ètè wọn nítorí òfin ìjọ. Àmọ́ ohun tó le ju òfin ìjọ lọ lára wọn ni ẹ̀kọ́ ilé. Ìyá wọn ti kọ́ wọn pé àlejò tó bá nawọ́ gán oúnjẹ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ fi lọ̀ ọ́, ọ̀kánjúà ni. Wàá ní o ti yó. Wọ́n á tún fi lọ̀ ọ́, wàá tún ní o ti yó. Ó di ìgbà kẹta, tí onílé ti ń bẹ̀ ọ́ pé kí o má dójú ti òun, kí o tó wá rọra bu díẹ̀ tọ́ wò. Wọ́n tún kọ́ wọn pé ẹni tó wá tọrọ ọmọ kì í la ẹnu sọ ọ́ gbàrà, onílé ni yóò kọ́kọ́ béèrè pé kí lẹ bá wá. Èmi mọ gbogbo èyí bí mo ṣe mọ orúkọ mi, kò sì wá sí mi lọ́kàn rárá pé èèyàn wà láyé tí kò mọ̀ ọ́n.

Ọjọ́ Ìsinmi kan ni èmi àti ìyá mi lọ sílé Àǹtí Dírẹ́bà, lẹ́yìn ìsìn, àfẹ́sọ́nà mi ṣì wà níbi iṣẹ́. Ìyá mi ò tíì fẹnu kan nǹkan láti àárọ̀. Nínú bọ́ọ̀sì ni mo ti ń gbọ́ ìró inú wọn, wọ́n sì ń wo ojú fèrèsé bí ẹni pé inú ẹlòmíì ló ń pariwo. Bí a ṣe wọlé báyìí, ọ̀rẹ́ mi, itọ́ kún ẹnu mi. Àǹtí Dírẹ́bà ti dáná fún odindi ọjọ́ méjì. Cou-cou wà níbẹ̀, ìyẹn ìyẹ̀fun àgbàdo tí wọ́n rò pọ̀ mọ́ ilá títí ó fi jọ̀lọ̀, àti irú ẹja kan tó máa ń fò lójú omi lẹ́bàá erékùṣù wọn, tí wọ́n ká roboto sínú ọbẹ̀ tòmátì. Makaróónì tí wọ́n yan pẹ̀lú ṣíìsì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kéèkì dúdú kan sì wà tí òórùn rẹ̀ kún gbogbo yàrá. Láàárín tábìlì ni ìgò rọ́ọ̀mù kan dúró sí, ọtí líle tí wọ́n ń fi ìrèké sè ní ìlú wọn. Òyìnbó làwọn ìyá méjèèjì ń bá ara wọn sọ o, èmi ni mo ń sọ ọ́ ní Yorùbá fún ọ.

Àǹtí Dírẹ́bà ní kí ìyá mi jẹun. Ìyá mi ní àwọn ti jẹun nílé. Àǹtí béèrè pé ṣé ó dá wọn lójú. Ìyá mi fọwọ́ lé àyà, wọ́n ní ó dá àwọn lójú. Mo wá ń dúró de ìgbà kẹta. Ìyá mi náà ń dúró dè é, mo rí i nínú ojú wọn. Àǹtí Dírẹ́bà dìde, wọ́n fi ìdérí bo oúnjẹ ní ìkọ̀ọ̀kan, wọ́n sì kó o padà sí kíṣìnnì. Ojú ìyá mi ń tẹ̀ lé ẹja yẹn lọ títí ó fi wọ inú ilé ìdáná. Nígbà tí wọ́n gbé kéèkì wá, ìyá mi gbóòórùn ọtí nínú rẹ̀, wọ́n rọra gbé e padà sínú àwo. Nígbà tí wọ́n da rọ́ọ̀mù díẹ̀ sínú ife kékeré, ìyá mi fi ìka kan tì í sẹ́gbẹ̀ẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn, a sọ̀rọ̀ nípa òjò. A sọ̀rọ̀ nípa bí bọ́ọ̀sì ṣe máa ń pẹ́ ní ọjọ́ Ìsinmi. Kò sẹ́ni tó bi wá pé kí la bá wá, a sì gbéra.

Kí a tó dé ibùdókọ̀ ni ìyá mi ti bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ní ṣé mo rí i pé wọn ò tilẹ̀ bẹ àwọn. Wọ́n ní ẹni tó bá fẹ́ kí o jẹun ilé òun á bẹ̀ ọ́, ẹni tí kò bá fẹ́ ọ ló ń sáré palẹ̀ mọ́. Bí a ṣe délé, búrẹ́dì àti tíì ni wọ́n fi panu, wọ́n sì ń fi ìbínú gé búrẹ́dì náà. Kò pẹ́ tí fóònù mi fi dún. Àfẹ́sọ́nà mi ni, ẹkún ló sì ń sun. Ó ní ìyá òun sọ pé ẹni tí kò lè jẹ nínú ìkòkò àwọn, àwọn ò lè fa ọmọ àwọn lé e lọ́wọ́.

Mo ṣàlàyé títí ẹnu mi fi gbẹ. Ó lọ sọ fún ìyá rẹ̀, èsì tó wá sì kúrú: àgbàlagbà tí ebi bá ń pa, á sọ pé ebi ń pa òun. Àwọn baba wa náà ló kúkú sọ pé ẹnu ẹni la fi ń kọ mé jẹ. Ìyá mi ní àwọn ò ní tẹ ilé náà mọ́ àfi bí wọ́n bá ránṣẹ́ pe àwọn. Àǹtí Dírẹ́bà ní àwọn ò ní pe ẹnikẹ́ni. Bó ṣe di pé ọ̀sẹ̀ ń gorí ọ̀sẹ̀ nìyẹn. Àfẹ́sọ́nà mi bẹ̀rẹ̀ sí í pẹ́ kó tó gbé fóònù, bó bá sì gbé e, ọ̀rọ̀ iṣẹ́ la ń sọ. Ẹ̀rù bà mí gan-an. Mo máa ń jókòó ní ọ́fíìsì, màá máa wo kọ̀ǹpútà, mi ò ní mọ ohun tí mo ń kà. Mo mọ̀ pé ó ń yọ́ lọ lọ́wọ́ mi díẹ̀díẹ̀, nítorí oúnjẹ tó jẹ́ pé gbogbo wa la fẹ́ jẹ ẹ́.

Nígbà tí ara mi ò gbà á mọ́, mo lọ kan ilẹ̀kùn Àǹtí Dírẹ́bà. Mo dọ̀bálẹ̀ lójú ọ̀nà níwájú àwọn ará ilé kejì. Wọ́n wò mí títí, wọ́n ní kí n dìde, ilẹ̀ yẹn dọ̀tí. Wọ́n ní Sátidé làwọn máa ń lọ ọjà, kí n wá bá àwọn gbé àpò.

Rye Lane tí mo ti ń rìn láti kékeré, ọjọ́ yẹn ni mo tó mọ̀ pé ìlú ẹlòmíì wà nínú rẹ̀. Àǹtí Dírẹ́bà ń rìn níwájú, wọ́n ń na ìka sí nǹkan, ọ̀rọ̀ sì ń jáde lẹ́nu wọn ju ti ìgbàkígbà lọ. Wọ́n fi ẹja oníyọ̀ hàn mí, tí ó le gbandi bí pákó, wọ́n ní èèyàn gbọ́dọ̀ rẹ ẹ́ mọ́jú kó pààrọ̀ omi rẹ̀, kó tó lọ̀ ọ́ mọ́ ìyẹ̀fun àti ata kó sì dín in. Wọ́n ra táìmù àti àlùbọ́sà eléwé, wọ́n ní ìyá àwọn máa ń gún un pọ̀ mọ́ ata, ọbẹ̀ kan ò sì gbọ́dọ̀ jinná láìsí i. Mo ní ata yẹn, rodo là ń pè é. Wọ́n dán an wò lẹ́ẹ̀mejì, "rodo, rodo," bí ẹni tó ń tọ́ ọ wò. Wọ́n ní ní ìlú àwọn, àárọ̀ Sátidé làwọn obìnrin abúlé máa ń kó ẹrù wá sí ọjà, ìyá àwọn a jókòó ti àtẹ ọ̀dùnkún wọn, àwọn fúnra wọn, nígbà tí wọ́n wà lọ́mọdé, a sì máa sùn lábẹ́ àtẹ náà nítorí oòrùn.

Ìgbà tí a dé ẹ̀gbẹ́ ṣọ́ọ̀bù ọlọ́tí ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ìtàn rọ́ọ̀mù. Wọ́n ní ní abúlé àwọn, ilé ọtí kékeré tí wọ́n fi pákó kọ́ ni gbogbo èèyàn ń pàdé sí. Ibẹ̀ lo ti máa ra búrẹ́dì, ibẹ̀ lo ti máa ra ìṣó, ibẹ̀ náà ni wàá ti gbọ́ ẹni tó kú àti ẹni tó bímọ. Bàbá àwọn ń gé ìrèké, bó bá sì ṣí ìgò, ẹ̀kán àkọ́kọ́ á lọ sí ilẹ̀ fún àwọn tó ti lọ, kó tó kan alààyè. Ìgò tí mo rí lórí tábìlì lọ́jọ́ Ìsinmi yẹn, ẹ̀gbọ́n àwọn ló gbé e wá láti abúlé. Wọ́n ṣí i nígbà tí ìyá wọn kú. Wọ́n ṣí i nígbà tí wọ́n bí ọmọbìnrin wọn. Wọn ò ṣí i mọ́ títí di ọjọ́ tí ìyá mi wá.

Mo rántí ìka kan ṣoṣo tí ìyá mi fi ti ife yẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́. Mo ní Àǹtí, òfin ìjọ ni o, wọn kì í mutí ní ìjọ ìyá mi, kì í ṣe ìwọ̀sí. Wọ́n ní, "Ó yẹ kẹ́nìkan ti sọ bẹ́ẹ̀ fún mi."

Wọ́n ra ẹja díndín gbígbóná sínú àpò bébà, irú èyí tí wọ́n lọ̀ pọ̀ mọ́ ìyẹ̀fun yẹn, a sì ń jẹ ẹ́ bí a ṣe ń rìn. Ó di iwájú ṣọ́ọ̀bù oníṣu. Èso aláwọ̀ ewé roboto kan ló kù nínú apẹ̀rẹ̀, ó tóbi tó orí ọmọdé, ara rẹ̀ rí gbágungbàgun. Àǹtí Dírẹ́bà sáré gbọ́wọ́ lé e. Ọwọ́ mìíràn ti gbà á mú láti ẹ̀gbẹ́ kejì. Mo gbójú sókè láti bá ẹni tó ni ọwọ́ náà sọ̀rọ̀. Ìyá mi ni, wọ́n ń ti ibi iṣẹ́ bọ̀, yúnífọ́ọ̀mù wọn yọ lábẹ́ kóòtù.

Kò sí ìkankan nínú wọn tó jọ̀wọ́ èso yẹn. Ọmọ ilẹ̀ Afghanistan tó ń tajà ń wo ẹni àkọ́kọ́, ó ń wo ẹni kejì. Ṣùgbọ́n ìyá mi ò tilẹ̀ wo Àǹtí Dírẹ́bà. Èso náà ni wọ́n ń wò, wọ́n sì pe orúkọ rẹ̀ jẹ́jẹ́, bí ẹni tó rí ọmọ ìyá rẹ̀ lójú títì: gbẹ̀rẹ̀fútù. Wọ́n sọ fún mi ní Yorùbá pé àwọn ò tíì fojú kàn án láti ìgbà tí àwọn ti kúrò ní Ifẹ̀. Igi rẹ̀ kan wà lẹ́yìn ilé ìyá wọn. Bí iṣu bá wọ́n, òun ni wọ́n ń sè tí wọ́n ń gún, àwọn ọmọdé a sì máa ṣe bí ẹni pé iyán ni.

Àǹtí bi mí pé kí ni wọ́n sọ. Mo túmọ̀ rẹ̀. Ojú wọn yí padà. Wọ́n ní ṣé ó wà ní ìlú yín? Wọ́n ní àwọn òyìnbó ló fi ọkọ̀ ojú omi gbé e wá sí erékùṣù àwọn, kí àwọn ẹrú lè rí nǹkan jẹ, èyí tó dára jù nínú ohun tí àwọn ń sè lónìí sì ni. Wọ́n wá na àpò ẹja díndín sí ìyá mi, wọ́n ní kí wọ́n mú.

Ìyá mi rẹ́rìn-ín músẹ́. Wọ́n ní rárá, ẹ ṣeun, ó máa gba ibi ire.

Mo rí ọwọ́ Àǹtí Dírẹ́bà tó ń padà sẹ́yìn. Mo rí ojú wọn tó ń padé bí ilẹ̀kùn bọ́ọ̀sì. Èmi ọmọ Yorùbá, mo di ọwọ́ àgbàlagbà mú láàárín ọjà. Mo bẹ Àǹtí pé kí wọ́n tún fi lọ ìyá mi, kí wọ́n sì tún fi lọ̀ wọ́n, pé ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni. Mo yíjú sí ìyá mi. "Mummy, ẹ jọ̀ọ́. Wọn kì í bẹ èèyàn jẹun nílùú tiwọn. Bí ẹ bá ní ẹ ti yó, wọ́n máa gbà yín gbọ́ ni."

Ìyá mi wò mí. "Wọ́n gbà mí gbọ́?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni mà. Wọ́n dúró gbagidi bí ẹni tó ń ṣírò nǹkan nínú. Lẹ́yìn náà ni wọ́n kọjú sí Àǹtí Dírẹ́bà, wọ́n ní ebi pa àwọn dójú ikú lọ́jọ́ yẹn, àti pé ẹja tí wọ́n gbé padà sí kíṣìnnì, àwọn ṣì ń rí i lójú àlá. Àǹtí tún na àpò bébà sí wọn: ẹ mú. Ìyá mi ní rárá, ṣùgbọ́n ohùn wọn ti ń rẹ́rìn-ín. Àǹtí na àpò náà lẹ́ẹ̀kẹta, wọ́n sì sọ ọ́ bí ẹni tó ń sọ fún èrò ọkọ̀ pé kó wọlé tàbí kó bọ́ sílẹ̀. Ìyá mi mú un. Wọ́n jẹ ẹ́ tán lórí ìdúró, ata ta wọ́n, imú wọn ń ṣomi, wọ́n sì tún nawọ́ mú òmíràn láìdúró de ẹnikẹ́ni. Àǹtí Dírẹ́bà bú sẹ́rìn-ín. Mi ò tíì gbọ́ ẹ̀rín wọn rí títí di ọjọ́ náà.

Bí a ṣe gbé gbẹ̀rẹ̀fútù kan ṣoṣo lọ sílé wọn nìyẹn. Wọ́n gbé e lé iná gáàsì títí èèpo rẹ̀ fi dúdú, èéfín gba gbogbo ilé, ẹ̀rọ tó ń ké bí èéfín bá pọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ké, mo sì gun àga, mo ń fi táwẹ́ẹ̀lì fẹ́ ẹ. Nígbà tí wọ́n bó o tán, Àǹtí mú igi pẹlẹbẹ kan jáde láti rò ó. Ìyá mi ní, "Ọmọrògùn rèé," wọ́n sì gbà á lọ́wọ́ wọn. Wọ́n fi ẹsẹ̀ ti ìdí sítóòfù, wọ́n rò ó títí ó fi dán. Ọwọ́ ni ìyá mi fi jẹ ẹ́. Àǹtí wò wọ́n díẹ̀, wọ́n gbé fọ́ọ̀kì sílẹ̀, àwọn náà lọ fọwọ́.

Lẹ́yìn oúnjẹ, Àǹtí gbé ìgò yẹn jáde sí bákónì, wọ́n ta ẹ̀kán kan sílẹ̀ fún ìyá wọn. Mo ti ń retí kí ìyá mi bẹ̀rẹ̀ àdúrà ìdènà. Wọ́n kàn dúró lẹ́yìn wọn, wọ́n di ọwọ́ pọ̀, wọ́n sì sọ fún mi ní kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé bàbá àwọn náà máa ń ṣe bẹ́ẹ̀ kí àwọn tó wọ ìjọ. Àǹtí bu omi atalẹ̀ sínú ife fún wọn, wọ́n sì da rọ́ọ̀mù sínú tiwọn.

Wọ́n padà wá jókòó ní kíṣìnnì. Àǹtí ní, "Ọjọ́ tí ẹ wá yẹn, ẹ ò sọ ohun tí ẹ bá wá."

"Ẹ ò bi mí," ni ìyá mi wí.

"Ó dáa. Mo bi yín báyìí."

Ìyá mi gbé ife sílẹ̀. Wọ́n nu ọwọ́, wọ́n dìde, orúnkún wọn tó ń dùn wọ́n lọ́jọ́ gbogbo, wọ́n fi kúnlẹ̀ sórí ilẹ̀ kíṣìnnì. Wọ́n ní àwọn wá tọrọ ọmọ wọn fún ọmọ àwọn. Ẹ̀rù ba Àǹtí Dírẹ́bà. Wọ́n fa ìyá mi pé kí wọ́n dìde, ìyá mi kọ̀, ni àwọn náà bá kúnlẹ̀ tì wọ́n, torí pé wọn ò mọ ohun mìíràn tí wọ́n lè ṣe.

Àǹtí ní, "Mo rò pé ẹ wá sọ fún mi pé ẹ ò fẹ́ ọmọ mi ni. Wọ́n ti sọ fún mi pé ẹ̀yin Nàìjíríà kì í fẹ́ fi ọmọ wa ṣe ìyàwó. Mo dáná ọjọ́ méjì nítorí ẹ̀rù."

Ìyá mi di ọwọ́ wọn méjèèjì mú. Wọ́n ní ẹ̀rù ló ba àwọn náà tí àwọn fi gbààwẹ̀ wá. Kò sẹ́ni tó tètè dìde. Nígbà tó yá ni Àǹtí sọ pé ó dáa, kí wọ́n máa mú un, ọmọ ti di tàwọn méjèèjì. Èmi tí mo dúró lẹ́nu ọ̀nà, omi ti gba ojú mi.

Mo jáde lọ pe àfẹ́sọ́nà mi níbi iṣẹ́. Ó gbọ́ ariwo lẹ́yìn mi, ó bi mí pé ta ló ń rẹ́rìn-ín báyẹn. Mo ní àwọn ìyá wa ni. Ó mí kanlẹ̀ sínú fóònù, èmi náà mí kanlẹ̀.

Ọdún ti gorí ọdún. Àǹtí Dírẹ́bà ti di ìyá mi, kì í ṣe ti ìyàwó mi nìkan. Mo ti rò ó wò títí, mo sì gbà pé oṣù burúkú yẹn, kò sẹ́ni tó kọ ẹnikẹ́ni. Obìnrin méjì tí wọ́n fẹ́ ohun kan náà ló jókòó sí ìdí tábìlì kan náà, ẹnì kìíní ń dúró kí wọ́n bẹ òun, ẹnì kejì ń dúró kí wọ́n sọ fún òun. Láti ọjọ́ náà, bí èèyàn bá dákẹ́ sí mi, tàbí tó ní òun ò fẹ́, mi kì í tètè bínú lọ mọ́. Mo máa ń jókòó díẹ̀ sí i, màá sì bi í ní ìrọ̀rùn pé kí ló ń dúró dè lọ́wọ́ mi.